Iṣẹ́ Diahann Carroll lórí ìtàgé, nínú orin àti lórí tẹlifíṣọ̀n: ṣé Julia gbé e ga ni, àbí ó bò ó mọ́lẹ̀?

Ọmọ Odò Ògùnpa (ẹni tó bẹ̀rẹ̀ ìjíròrò)

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ méjì tí mo ti ń gbọ́ àwọn orin tí Diahann Carroll kọ nígbà ayé rẹ̀, ọ̀rọ̀ kan sì ń dùn mí tí mo fẹ́ kí a jọ gbé yẹ̀ wò. Ibi yòówù kí ènìyàn ti kà nípa obìnrin yìí, "ẹni àkọ́kọ́" ni wọ́n máa ń fi bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Òun ni obìnrin aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba Tony, àmì-ẹ̀yẹ àwọn òṣèré orí ìtàgé Broadway ní New York, fún ipò olórí òṣèrébìnrin nínú eré olórin, ní 1962. Òun ni wọ́n sì kọ́kọ́ gbé eré ọlọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ lé lórí ní tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà nínú àwọn obìnrin aláwọ̀ dúdú láìfi í ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ ẹnikẹ́ni, ìyẹn Julia, tó bẹ̀rẹ̀ lórí NBC ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹsán-án, 1968. Òótọ́ ni gbogbo rẹ̀, ó sì tọ́ sí i. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti ka oyè náà tán, ọ̀rọ̀ a parí síbẹ̀. Kò sẹ́ni tó ń sọ bí ohùn rẹ̀ ṣe rí, tàbí ohun tí wọ́n gbà lọ́wọ́ rẹ̀ kí wọ́n tó jẹ́ kó wọlé.

Fún ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n, Carol Diann Johnson ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Bronx ní New York ni wọ́n ti bí i ní ọjọ́ 17 oṣù Keje, 1935, Harlem ló sì ti dàgbà. Bàbá rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀, ìyá rẹ̀ sì jẹ́ nọ́ọ̀sì. Láti kékeré ló ti ń kọrin nínú ẹgbẹ́ akọrin ọmọdé ní ìjọ Abyssinian Baptist. Ọmọ ọdún 18 ni nígbà tó wọ ìdíje kan tí wọ́n ń pè ní Chance of a Lifetime lórí tẹlifíṣọ̀n ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1954. Ó gba dọ́là 1,000, ó sì tún borí ní ọ̀sẹ̀ mẹ́rin tó tẹ̀ lé e. Ní ọdún yẹn kan náà ló hàn nínú fíìmù Carmen Jones, nígbà tó sì ku ọjọ́ kan péré kí ọdún parí, ní ọjọ́ 30 oṣù Kejìlá, ó dúró lórí ìtàgé Broadway nínú House of Flowers, eré tí Harold Arlen ṣe orin rẹ̀. Ìyẹn ni pé ọmọdébìnrin tó ń kọrin níbi ìdíje ní oṣù Kìíní ti di òṣèré Broadway ní oṣù Kejìlá.

Ohun tó gbé mi dé ibí ni pé èmi àti àbúrò mi obìnrin kò gbọ́ra wa yé lórí Julia. Ó ní irọ́ ni wọ́n fi eré náà pa fún àwọn òyìnbó kí ọkàn wọn lè balẹ̀. Èmi gbà pé ilẹ̀kùn ni, bí ilẹ̀kùn náà tilẹ̀ kéré. Kí ni ẹ̀yin rí sí i?

Ìyá Ìbejì, Peckham

Ọmọ mi, o ṣeun tí o gbé ọ̀rọ̀ yìí kalẹ̀. Èmi kò mọ Julia rárá nígbà náà. Dynasty, eré tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà nípa ìdílé olówó, ni mo fi mọ̀ ọ́n, nígbà tí BBC ń gbé e jáde, tí mo ṣì ń kọ́ iṣẹ́ nọ́ọ̀sì níbí. Nínú yàrá kan ṣoṣo tí tẹlifíṣọ̀n wà ní ilé tí a ń gbé ni gbogbo wa máa ń kó ara wa jọ sí, àwọn ọmọ Jàmáíkà, àwa ọmọ Nàìjíríà, àwọn ọmọ Ireland. Ní alẹ́ tí Dominique Deveraux, ẹni tí Carroll ṣe nínú rẹ̀, kọ́kọ́ wọlé, kò sí ẹni tó sọ̀rọ̀ títí apá náà fi parí. A ti ń wo eré yẹn pẹ́, a ti mọ̀ pé kò sí ẹni tó dà bíi wa ní ilé olówó yẹn àyàfi bó bá gbé àwo tíì wọlé. Obìnrin yìí kò gbé àwo. Ó wọlé bí ẹni tí wọ́n jẹ ní gbèsè, ó sì wá gba gbèsè rẹ̀.

Lẹ́yìn ìgbà náà ni mo wá kà pé òun fúnra rẹ̀ ló ní kí wọ́n wá ipò fún òun nínú eré náà, kì í ṣe pé wọ́n wá a lọ. Nígbà tí àwọn òǹkọ̀wé sì ń ronú bí wọn yóò ṣe kọ ọ̀rọ̀ sí ẹnu obìnrin dúdú tó lówó, ó ní kí wọ́n kọ ọ́ bí ìgbà tí wọ́n ń kọ ọ́ fún ọkùnrin òyìnbó tó fẹ́ owó àti agbára, kí wọ́n fi ìyókù sílẹ̀ fún òun. Mo fẹ́ràn ọ̀rọ̀ yẹn gan-an. Ó mọ̀ pé bí wọ́n bá jókòó ronú nípa awọ ara òun, ènìyàn pẹ̀lẹ́ tí kò lè pa eṣinṣin ni wọn yóò kọ jáde. Láti 1984 dé 1987 ló fi wà níbẹ̀, aṣọ tí Nolan Miller rán fún un sì wà lójú mi títí di òní.

Ṣùgbọ́n mi ò mọ̀ pé olórin ni, àfi ní ọjọ́ tí Dominique kọrin nínú eré náà. Mo rò pé wọ́n fi ohùn ẹlòmíràn sí i ni.

Ọmọ Ìlá

Ẹ kú ilé, ẹ̀yin àgbà. Ẹ̀gbọ́n Ọmọ Odò Ògùnpa, ọ̀dọ̀ àbúrò yín ni mo dúró sí.

Ẹ jẹ́ kí a rántí ọdún tí Julia jáde. Ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹrin, 1968 ni wọ́n yìnbọn pa Martin Luther King ní Memphis. Iná sọ ní ọ̀pọ̀ ìlú ńlá ní Amẹ́ríkà lẹ́yìn ikú rẹ̀. Kò tó oṣù mẹ́fà lẹ́yìn náà tí wọ́n fi gbé nọ́ọ̀sì kan jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, ó ń gbé ní ilé tó rẹwà ní Los Angeles, ó wọ aṣọ tí owó nọ́ọ̀sì kò lè rà, gbogbo aládùúgbò rẹ̀ ló fẹ́ràn rẹ̀, bí ẹnikẹ́ni bá sì sọ ọ̀rọ̀ burúkú nípa àwọ̀ rẹ̀, ẹ̀rín kan ni yóò fi yanjú rẹ̀. Ẹni tó dá eré náà sílẹ̀, Hal Kanter, òyìnbó ni, ó sì ti kọ ọ̀rọ̀ rí fún Amos 'n' Andy, eré tí àwọn aláwọ̀ dúdú fi ẹ̀hónú hàn sí fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Èyí tó dùn mí jù ni ti ọkọ. Wọ́n ní awakọ̀ òfurufú ológun ni, ó kú sí ogun Vietnam. Wọ́n fún obìnrin náà ní iṣẹ́, wọ́n fún un ní ọmọkùnrin tó ń jẹ́ Corey, wọ́n fún un ní ilé, ṣùgbọ́n wọn kò lè rí ọkùnrin dúdú kan fi jókòó sí orí tábìlì oúnjẹ wọn. Ẹni tó ń wo eré yẹn nílé, tó sì jẹ́ bàbá ọmọ, tó ń jí lọ síbi iṣẹ́ lójoojúmọ́, kí ni wọ́n ń sọ fún un?

Mi ò bá Diahann Carroll jà. Mo gbà pé òṣèré ńlá ni. Eré náà ni mo ń bá jà.

Àgbà Òǹwòran

Ọmọ Ìlá, ọ̀rọ̀ rẹ wúwo, mi ò sì ní fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un, nítorí pé àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà fúnra wọn sọ ọ́ nígbà náà, ní gbangba. Àní Carroll sọ ọ́. Nínú ọdún tí eré náà bẹ̀rẹ̀ ló ti sọ fún àwọn oníròyìn pé ènìyàn dúdú tí òyìnbó fi ojú ara rẹ̀ rí ni Julia, àti pé nǹkan ti àwọn aláwọ̀ dúdú kò pọ̀ lára rẹ̀. Ẹ ronú irú ìgboyà tó gbà kí ènìyàn tó ń jẹun lórí iṣẹ́ kan sọ bẹ́ẹ̀ nípa iṣẹ́ náà, ní ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé e lé e lọ́wọ́.

Ṣùgbọ́n kí ènìyàn tó wọn eré náà, ó yẹ kó mọ ohun tó wà níbẹ̀ ṣáájú. Ní 1950, ABC gbé Beulah jáde. Ethel Waters ló kọ́kọ́ ṣe é, akọrin tí ohùn rẹ̀ kò ní ẹlẹ́gbẹ́, lẹ́yìn náà ni Hattie McDaniel àti Louise Beavers gbà á. Kí ni iṣẹ́ Beulah? Ó ń se oúnjẹ fún ìdílé òyìnbó, ó sì ń bá wọn yanjú ìṣòro ilé wọn. Ọdún 18 ló wà láàárín Beulah àti Julia.

Ẹ jẹ́ kí n tún fi ọ̀rọ̀ kan kún ti Ọmọ Odò Ògùnpa, kí òpìtàn má baà mú wa. Ó ṣe dáadáa tó fi "eré" kún un, nítorí pé ní 1950 yẹn kan náà, Hazel Scott, tó ń tẹ dùùrù tó sì ń kọrin, ní ètò tirẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n DuMont. Ètò orin ni, kì í ṣe eré. Kò pẹ́ tí wọ́n fi gbé e kúrò, lẹ́yìn tí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn tí wọ́n fura sí pé wọ́n jẹ́ kọ́múníìsì. Hazel Scott yìí ni ìyàwó Adam Clayton Powell, olùṣọ́ àgùntàn ìjọ Abyssinian níbi tí Carroll ti kọrin ní kékeré. DuMont kan náà ló sì gbé ìdíje tí Carroll borí jáde. Nítorí náà, ọmọdébìnrin yẹn ti rí i ní àyíká ara rẹ̀ pé tẹlifíṣọ̀n lè fún obìnrin dúdú ní àga, kó sì tún yọ àga náà kúrò lábẹ́ rẹ̀. Bí ó bá ń rìn jẹ́jẹ́ ní 1968, mi ò lè bá a wí.

Apá 86 ni Julia ṣe kó tó parí ní 1971. Ilé-iṣẹ́ Mattel ṣe ọmọláńgidi tó ní ojú rẹ̀, tó sì wọ aṣọ nọ́ọ̀sì. Ó lè dà bí nǹkan kékeré lójú wa, ṣùgbọ́n ọmọdébìnrin dúdú tó bá wọ ṣọ́ọ̀bù ohun ìṣeré nígbà náà rí ojú tó jọ tirẹ̀ nínú páálí, iṣẹ́ gidi sì ni ọmọláńgidi náà ń ṣe.

Olórí Akọrin

Ẹ má bínú pé mo pẹ́ kí n tó dá sí i. Ọdún pípẹ́ ni mo ti ń darí ẹgbẹ́ akọrin ní ìjọ wa ní Abẹ́òkúta, ọ̀rọ̀ ohùn sì ni mo fẹ́ sọ, nítorí pé ó jọ pé gbogbo wa ti ń sáré lọ sí 1968 láì dúró gbọ́ obìnrin náà.

Mo fẹ́ bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí Ìyá Ìbejì parí sí, pé ẹ rò pé ohùn ẹlòmíràn ni wọ́n fi sí i nínú Dynasty. Mà, ohùn rẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n èrò yín kò ṣàdédé wá, nítorí pé wọ́n ti ṣe bẹ́ẹ̀ sí i rí. Nínú Carmen Jones, níbi tó ti ṣe Myrt, ohùn Bernice Peterson ni a ń gbọ́ nígbà tí Myrt bá kọrin. Ní 1959, Otto Preminger, olùdarí kan náà, ṣe fíìmù Porgy and Bess, ó sì fún Carroll ní ipò Clara. Clara ló ní orin ìrẹmọlẹ́kún tí gbogbo ayé mọ̀ nínú iṣẹ́ yẹn. Carroll gbé ọmọ náà lọ́wọ́, ẹnu rẹ̀ ń mì, ṣùgbọ́n ohùn Loulie Jean Norman, obìnrin òyìnbó, ló ń jáde.

Mo fẹ́ ṣe òdodo sí àwọn tó ṣe é. George Gershwin, ẹni tó ṣe orin Porgy and Bess, kọ orin náà bí òpẹ́rà, ó sì gbé e sí òkè pátápátá fún sòpránò tó ti kọ́ṣẹ́. Ohùn Carroll kò sí níbẹ̀. Ohùn rẹ̀ sún mọ́ ti áltò ju ti sòpránò lọ. Ààrin rẹ̀ gbóná, ó sì ń fi ẹ̀mí bo ọ̀rọ̀ tí ó bá ń kọ débi pé gbogbo gbólóhùn ló ń dá yé ènìyàn. Ẹ̀bùn tirẹ̀ ni pé ó ń sọ orin. Bí ẹni tó jókòó tì ọ́ ló ṣe ń kọ ọ́, kì í ṣe bí ẹni tó dúró sórí òkè. Ohùn tí wọ́n kọ́ ní ilé ìgbafẹ́ alẹ́ ni, níbi tí tábìlì àwọn ènìyàn kò jìnnà sí olórin. Ẹni tó bá ti darí akọrin rí mọ̀ pé ènìyàn lè sọ orin kalẹ̀ kó bá olórin mu, iṣẹ́ ọjọ́ kan ni. Wọn kò ṣe é. Ojú rẹ̀ ni wọ́n fẹ́. Àti Sidney Poitier, àti Dorothy Dandridge, ohùn ẹlòmíràn ni wọ́n fi sí gbogbo wọn lẹ́nu nínú fíìmù yẹn. Nígbà náà, Carroll ti ń fi orin jẹun fún ọdún márùn-ún gbáko.

Nítorí náà ni No Strings, eré tó fi gba Tony, fi ṣe pàtàkì sí mi ju Julia lọ. Richard Rodgers, tó máa ń ṣe orin fún eré Broadway, ti fẹ́ lò ó fún eré rẹ̀ Flower Drum Song ṣáájú, ṣùgbọ́n ọmọ Ṣáínà ni ẹni tí yóò ṣe nínú rẹ̀, gbogbo àtíkè tí wọ́n sì kùn ún kò mú kí ojú rẹ̀ jọ bẹ́ẹ̀. Mo dúpẹ́ pé kò bọ́ sí i. Lẹ́yìn ikú Oscar Hammerstein, tó ń bá a kọ ọ̀rọ̀ inú orin, ní 1960, Rodgers rí Carroll lórí tẹlifíṣọ̀n níbi tó ti wá kọrin, ó sì pinnu láti kọ eré tuntun fún un, fún òun gan-an, fún ohùn tó ní. Rodgers fúnra rẹ̀ ló kọ orin, òun náà ló sì kọ ọ̀rọ̀ inú orin. Ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹta, 1962 ni eré náà bẹ̀rẹ̀ ní Broadway, wọ́n sì ṣe é ní ìgbà 580. Carroll ni Barbara Woodruff, ọmọ Harlem tó di afaṣọhàn ní Paris. Richard Kiley ni òǹkọ̀wé òyìnbó tó fẹ́ràn rẹ̀. Orúkọ eré náà ní ìtumọ̀ méjì: ìfẹ́ tí kò ní okùn tó dè é, àti ẹgbẹ́ alùlù tí kò ní ohun èlò olókùn bíi fáólìn. Wọ́n kó àwọn afọnfèrè jáde kúrò nínú kòtò tí wọ́n máa ń jókòó sí, wọ́n kó wọn sórí ìtàgé láàárín àwọn òṣèré.

Ẹ ò rí i? Ní 1959 wọ́n gba ohùn lọ́wọ́ rẹ̀. Ní 1962 wọ́n gba fáólìn lọ́wọ́ ẹgbẹ́ alùlù kí ohùn rẹ̀ lè ní àyè. Àmì-ẹ̀yẹ Tony ọdún yẹn, òun àti Anna Maria Alberghetti ni wọ́n jọ gbà á.

Ọmọ Ìlá

Bàbá Olórí Akọrin, ẹ ṣeun. Mo fẹ́ béèrè nǹkan méjì. Àkọ́kọ́, ṣé wọ́n sọ̀rọ̀ nípa àwọ̀ nínú No Strings, àbí bíi ti Julia ni wọ́n ṣe é? Èkejì, kí ló dé tí a kò rí fíìmù rẹ̀?

Olórí Akọrin

Ìbéèrè rẹ kan ibi tó ń dun èmi náà. Wọn kò dárúkọ àwọ̀ rẹ̀ nínú eré náà. Ohun tí Barbara sọ ni pé apá àríwá Central Park ni ilé òun wà, ẹni tó bá mọ New York á sì mọ̀ pé Harlem ló ń sọ. Ní ìparí, ọkùnrin náà pinnu láti padà sí Maine, àwọn méjèèjì sì gbà láìsọ ọ́ jáde pé ìgbésí ayé tí wọ́n ní ní Paris kò lè tẹ̀ lé wọn débẹ̀. Ẹ rántí pé 1967 ni ilé ẹjọ́ tó ga jù ní Amẹ́ríkà tó fagi lé òfin àwọn ìpínlẹ̀ tó ka ìgbéyàwó aláwọ̀ dúdú àti aláwọ̀ funfun léèwọ̀. Ọkọ Carroll fúnra rẹ̀ nígbà náà, Monte Kay, aláwọ̀ funfun ni. Ohun tí Barbara kò lè ṣe lórí ìtàgé, Carroll ti ń ṣe é nílé láti 1956.

Ní ti fíìmù, wọ́n ra ẹ̀tọ́ rẹ̀, wọ́n sì kéde pé Nancy Kwan, òṣèrébìnrin ọmọ Hong Kong, ni yóò ṣe Barbara. Carroll fi ẹ̀dùn ọkàn rẹ̀ hàn ní gbangba, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Wọn kò ṣe fíìmù náà títí di òní. Àwo orin eré náà nìkan ló kù fún wa.

Ìyá Ìbejì, Peckham

Ọ̀rọ̀ yìí dùn mí o. Wọ́n kọ eré lé ènìyàn lórí, ó gba àmì-ẹ̀yẹ lórí rẹ̀, wọ́n wá fẹ́ fi ẹlòmíràn ṣe é.

Ọmọ Ìlá, ìwọ tí o ń béèrè fún ọkùnrin dúdú níbi tábìlì oúnjẹ, ṣé o ti wo Claudine? Bí o kò bá tíì wò ó, jọ̀wọ́ wá a. 1974 ni, John Berry ló darí rẹ̀. Harlem ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, Carroll sì ni ìyá ọmọ mẹ́fà tó ń gba owó ìrànwọ́ ìjọba, tó tún ń yọ́ lọ ṣiṣẹ́ ilé fún àwọn òyìnbó nítorí pé owó náà kò tó. James Earl Jones ni ọkùnrin tó fẹ́ràn rẹ̀, akólẹ̀ ni. Òṣìṣẹ́ ìjọba á wá yẹ ilé wò, kí wọ́n tó ṣílẹ̀kùn wọ́n á ti gbé gbogbo ohun tó bá dára pamọ́, nítorí pé bí ọkùnrin bá fún un ní ẹ̀bùn, wọ́n lè yọ ọ́ kúrò lára owó ìrànwọ́ rẹ̀. Mo sunkún níbẹ̀. Mo mọ ohun tó ń jẹ́ kí òṣìṣẹ́ ìjọba kan ilẹ̀kùn, kí ìyá máa wo yíká ilé rẹ̀ bí olè.

Diana Sands ni wọ́n kọ́kọ́ fún ní ipò yẹn. Jẹjẹrẹ dá a dúró, nígbà tó sì rí i pé òun kò ní lè parí rẹ̀, Carroll ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló ní kí wọ́n fún. Oṣù Kẹsán-án 1973 ni Diana Sands kú. Àwọn tó ni fíìmù náà kò gbà gbọ́ pé obìnrin tó máa ń wọ aṣọ olówó gọbọi lè ṣe ìyá tálákà. Ó wẹ ojú rẹ̀ mọ́ kúrò nínú àtíkè, ó sì ṣe é. Wọ́n dárúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn tó ń du Oscar òṣèrébìnrin tó mókè jù; lẹ́yìn Dorothy Dandridge, Diana Ross àti Cicely Tyson, òun ni ẹnì kẹrin nínú àwọn obìnrin dúdú tí wọ́n dárúkọ fún ipò yẹn.

Nọ́ọ̀sì ni ìyá rẹ̀, nọ́ọ̀sì ni Julia, nọ́ọ̀sì ni èmi náà. Ṣùgbọ́n Claudine ni mo rí nílé àwọn tí mo ń tọ́jú.

Àgbà Òǹwòran

Ìyá Ìbejì ti fi ọwọ́ kan ohun tí mo ń wá láti ìbẹ̀rẹ̀. Bí ẹ bá gbé Julia sí ẹ̀gbẹ́ Claudine, ẹ ó rí i pé gbogbo ẹ̀sùn tí Ọmọ Ìlá kà sí Julia lọ́rùn ni Claudine dáhùn: ọkùnrin wà níbẹ̀, Harlem wà níbẹ̀, òṣì wà níbẹ̀, ìjọba wà níbẹ̀ pẹ̀lú ìwé àti bírò rẹ̀. Obìnrin kan náà ló ṣe méjèèjì, ọdún mẹ́ta péré ló sì wà láàárín ìparí èkíní àti èkejì. Mi ò gbà pé wọn ì bá ti rí owó fi ṣe Claudine pẹ̀lú rẹ̀ bí gbogbo ilé ní Amẹ́ríkà kò bá ti mọ ojú rẹ̀ láti inú Julia. Èrò tèmi nìyẹn, ẹ lè má gbà á.

Ọmọ Ìlá

Mo gba ti Claudine, bàbá, èmi yóò sì wò ó lálẹ́ yìí. Ti Julia, mo gbà pé ó ṣí ọ̀nà fún òṣèré náà. Mi ò tíì gbà pé ó ṣí i fún ìdílé tó ń wò ó. Àríwísí tí wọ́n ṣe nígbà náà wà lára ohun tó mú kí eré náà sú òun fúnra rẹ̀. Bí ọ̀rọ̀ wọn kò bá ní òótọ́ nínú, kò bá má dùn ún tó bẹ́ẹ̀.

Ọmọ Odò Ògùnpa

Àbúrò mi ń ka ohun tí ẹ ń kọ, ó sì ní kí n kí Ọmọ Ìlá.

Mo fẹ́ mọ ìyókù ayé rẹ̀. Lẹ́yìn Dynasty, ṣé ó padà sórí ìtàgé?

Olórí Akọrin

Kí Dynasty tó dé ló ti padà. Ó gba ipò dókítà nínú Agnes of God ní Broadway lẹ́yìn Elizabeth Ashley, eré tí kò ní orin fún un rárá, ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Lẹ́yìn Dynasty, ó ṣe ìyá Whitley nínú A Different World lórí tẹlifíṣọ̀n, ìyá tí ìgbéraga rẹ̀ pọ̀ ju ti ọmọ lọ, wọ́n sì dárúkọ rẹ̀ fún àmì-ẹ̀yẹ Emmy lórí rẹ̀.

Èyí tí mo kà sí adé iṣẹ́ rẹ̀ ni Sunset Boulevard ní Toronto, ní 1995. Ẹni ọgọ́ta ọdún ni nígbà náà. Norma Desmond ló ṣe, òṣèrébìnrin àtijọ́ tí ayé ti gbàgbé, tó ṣì ń dúró de ìgbà tí wọn yóò tún ké sí i. Iṣẹ́ tó ń gba agbára ni: àtẹ̀gùn gíga, aṣọ wúwo, orin tó ń béèrè gbogbo èémí tó wà nínú àyà. Ẹni tí wọ́n ti fi ohùn ẹlòmíràn bò ní ẹni ọdún 23 ló ń gbé eré olórin ńlá kan ní alaalẹ́ ní ẹni ọgọ́ta, pẹ̀lú ohùn ara rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni àrùn jẹjẹrẹ ọmú kọ lù ú. Ó sọ ọ́ ní gbangba kí àwọn obìnrin mìíràn lè lọ yẹ ara wọn wò, ó sì yè é. Ó tún padà sí tẹlifíṣọ̀n, nínú Grey's Anatomy àti White Collar. Los Angeles ló kú sí ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹwàá, 2019, ní ẹni ọdún 84.

Ọmọ Odò Ògùnpa, orin wo ni o ti ń gbọ́ láti ọ̀sẹ̀ méjì? Bí o kò bá tíì gbọ́ àwo orin No Strings, orin tó ṣí eré náà ni kí o kọ́kọ́ gbọ́, kí o pa ohun gbogbo tó ń dún nílé.

Ọmọ Odò Ògùnpa

Àwọn orin ilé ìgbafẹ́ alẹ́ ni mo ti ń gbọ́, bàbá. Àṣé mo ti fo ibi tó dùn jù kọjá.

Mo ti wá gbọ́ ọ báyìí, ẹ̀ẹ̀mẹ́ta. Fèrè kan ṣoṣo ló bẹ̀rẹ̀, Carroll sì wọlé lórí rẹ̀, kò gbé ohùn sókè rárá. Ọkùnrin náà kọ tirẹ̀, clarinet sì ń tẹ̀ lé e, wọ́n wá jọ kọ ọ́ pọ̀, àwọn méjèèjì tí kò tíì mọ ara wọn nínú ìtàn náà. Àbúrò mi ti dákẹ́ kí ó tó parí. Ó ní kí n tún un fi sí i, kí n sì béèrè lọ́wọ́ yín bóyá orin kan náà ni wọ́n fi parí eré náà.

Olórí Akọrin

Òun náà ni. Wọ́n tún dúró níbi tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, bí ẹni pé wọn kò tíì pàdé ara wọn rí.